Púpurú Mẹ́rìnlélógún Lórí Àjà Mi

Mo jẹ iṣẹ́ ìwádìí akẹ́kọ̀ọ́ mi. Mi ò pa òwe, mi ò sì ṣe àwàdà. Ọwọ́ ọ̀tún mi ni mo fi bù ú, mo fi run ọbẹ̀, mo sì gbé e mì. Bí ẹ bá mọ olùkọ́ yunifásítì mìíràn tó ti ṣe irú rẹ̀ rí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ júwe ilé rẹ̀ fún mi, kí àwa méjèèjì lè jókòó wo ojú ara wa.

Iṣẹ́ mi ni kí n máa kọ́ àwọn ọmọ nípa oúnjẹ: ohun tó ń bà á jẹ́, bí a ṣe lè tọ́jú rẹ̀, ìdí tí èyí fi ń hu irun funfun lára tí tọ̀hún kì í hu ún. Òkìtìpupa ni mo ti ń ṣe é, ó sì ti pẹ́ débi pé àwọn ọlọ́kadà ibẹ̀ kì í bi mí níbi tí mò ń lọ mọ́. Ẹnu mi le. Mo máa ń pariwo mọ́ akẹ́kọ̀ọ́, mi ò ní purọ́. Mo ti lé ọmọ kan jáde rí nítorí pé ó jókòó ti òṣùwọ̀n, kò wọn nǹkan kan, ó kàn ń ronú nọ́ńbà, ó ń kọ ọ́ sílẹ̀. Mo ní, "Irọ́ lò ń kọ yẹn! Bọ́ síta!" Inú mi dùn sí ara mi lọ́jọ́ náà.

Ọdún tí mò ń sọ yìí, ọ̀rọ̀ ìyanṣẹ́lódì àwa olùkọ́ ti ń jà ràn-ìn káàkiri láti ìbẹ̀rẹ̀ sáà. Bí mo bá wọ kíláàsì, ìdajì àga ló ṣófo. Àwọn tó wá ń wò mí bí ẹni ń wo mọ́tò tí epo ti tán nínú rẹ̀. Èmi náà á wá bẹ̀rẹ̀ ìwàásù: ẹ tẹra mọ́ṣẹ́, ọ̀la ń bọ̀, ẹni tó bá fara dà á ló máa jẹ àǹfààní. Lọ́jọ́ kan, ọ̀kan nínú wọn nawọ́ sókè, ó ní, "Sà, ẹ̀yin fúnra yín ńkọ́? Ṣé ẹ gbà bẹ́ẹ̀?" Wọ́n bú sẹ́rìn-ín. Mo ní kó jókòó, pé ìbéèrè rẹ̀ kò sí nínú iṣẹ́ ọjọ́ náà. Òótọ́ ibẹ̀ ni pé mi ò mọ èsì rẹ̀.

Ọmọbìnrin kan wà láàárín wọn, ọdún ìkẹyìn ló wà, iwájú ló máa ń jókòó. Ọmọ Ìjù-Odò ni. Ìyá rẹ̀ ti kú, ìyá àgbà ló tọ́ ọ dàgbà, púpurú sì ni ìyá àgbà náà ń ṣe tà. Fún ẹni tí kì í bá ṣe ará Ìkálẹ̀, ẹ̀gẹ́ ni. A ó rẹ ẹ́ sínú omi fún ọjọ́ mélòó kan títí yóò fi rọ̀, a ó fún omi rẹ̀ dànù, a ó yọ okùn inú rẹ̀, a ó mọ ọ́n roboto, a ó wá tò ó sórí àjà lókè iná kí iná àti èéfín lè gbẹ ẹ́. Ẹ̀yìn rẹ̀ á dúdú, inú rẹ̀ á funfun. Lọ́jọ́ tí a bá fẹ́ jẹ ẹ́, a ó ha dúdú yẹn kúrò, a ó gún un, a ó kù ú, a ó fi omi gbígbóná rò ó. Ẹni tó bá ní púpurú lórí àjà kì í bẹ̀rù òjò.

Ọmọ náà wá bá mi ní ọ́fíìsì lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó kúnlẹ̀.

"Sà, mo wá dágbére fún yín ni."

Mo ní, "Dágbére? Níbo lò ń lọ?"

Ó ní àbúrò ìyá òun tó wà ní Èkó ti bá òun wá iṣẹ́ sí ṣọ́ọ̀bù ńlá kan. Wọ́n ní kí òun tètè máa bọ̀ kí wọ́n tó gbé e fún ẹlòmíràn. Ó ní ojú ọ̀nà tí òun ń wò yìí kò jọ pé ó lópin. Ó sọ ọ́ wọ́ọ́rọ́wọ́, kò sunkún, ó jọ pé ó ti sunkún rẹ̀ tán nílé.

Inú bí mi. Ẹ gbọ́ mi o, inú tó bí mi kì í ṣe sí i. Àwọn ọmọ tó mọ̀wé ni wọ́n ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan, àwọn tó kù ló ń sùn ní kíláàsì. Mo ní, "Ìwọ! Àkókò tó kù fún ọ kò tó ọdún kan, o fẹ́ lọ máa kó ọṣẹ sórí pẹpẹ? Jókòó." Ó jókòó. Ibẹ̀ ni mo ti ronú iṣẹ́ náà, lójú ẹsẹ̀, láìtíì mọ̀ bóyá ó ṣeé ṣe. Mo ní, "Ìyá àgbà rẹ máa ń sọ pé púpurú lè lo oṣù mẹ́fà lórí àjà láìbàjẹ́, àbí?" Ó ní bẹ́ẹ̀ ni. Mo ní, "Gbogbo Ìkálẹ̀ ló ń sọ ọ́. Èmi ò tíì rí ẹni tó wò ó ní ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀ kó sì kọ ọ́ sílẹ̀. Ìwọ lo máa kọ ọ́. Púpurú mẹ́rìnlélógún, ọ̀kan lọ́sẹ̀ kan. Bí wọ́n bá ti ilé ẹ̀kọ́ pa, àwa ò ní dúró. Lọ́jọ́ tí wọ́n bá ṣí i, ìwọ ni wàá kọ́kọ́ gbé iṣẹ́ sílẹ̀, wàá jáde, wàá sì lọ síbi tó bá wù ọ́ pẹ̀lú ìwé ẹ̀rí lọ́wọ́. Èmi ni mo sọ bẹ́ẹ̀."

Ó ní, "Sà, níbo la máa tọ́jú ẹ̀ sí? Ilé wa ò ṣeé ṣe. Àwọn ará ilé wa á jẹ ẹ́."

Mo rẹ́rìn-ín. Mo ní, "Gbé e wá sílé mi. Ìdáná igi àti àjà wà lẹ́yìnkùlé wa, láti ìgbà tí gáàsì ti di ohun àwọn olówó. Kò sẹ́ni tó máa fọwọ́ kàn án." Ẹnu tí mo fi sọ ọ́ nìyẹn o. Ó tẹ Èkó láago lójú mi, ó ní òun ò ní lè wá báyìí, kí wọ́n bá òun dúró díẹ̀.

Ìyá àgbà fúnra rẹ̀ ló kó púpurú náà wá, òun àti ọmọ ọmọ rẹ̀ lórí ọ̀kadà kan, apẹ̀rẹ̀ láàárín wọn. Obìnrin tín-ín-rín ni, ó ń sọ èdè wa gan-an, kò da Yorùbá ilé ìwé pọ̀ mọ́ ọn. Ó to púpurú náà sórí àjà lọ́kọ̀ọ̀kan, ọmọ náà ń so àkísà funfun tín-ín-rín mọ́ wọn tó ti kọ nọ́ńbà sí. Mo rí i pé abẹ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan ní kòtò kékeré. Mo rò pé bí wọ́n ṣe jókòó lórí igi ló fà á. Nígbà tí wọ́n ń lọ, ìyá náà wo àjà, ó wò mí, ó ní, "Tíṣà, má jẹ́ kí iná kú lábẹ́ rẹ̀ o. Iná ló ń ṣọ́ ọ." Mo ní kó má ṣe ìyọnu. Kò pé ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn náà tí ìyanṣẹ́lódì bẹ̀rẹ̀.

Ọjọ́bọ̀ ni a mú. Ní Ọjọ́bọ̀ kọ̀ọ̀kan, ọmọ náà á gun ọ̀kadà wá láti Ìjù-Odò. Á kúnlẹ̀ kí ìyàwó mi, á bá àwọn ọmọ mi ṣeré díẹ̀, a ó wá gbé bẹ́ǹṣì síta lábẹ́ igi máńgòrò. Mo ti yá òṣùwọ̀n kékeré kan láti ilé ẹ̀kọ́ kí wọ́n tó ti gbogbo ilẹ̀kùn. Á sọ púpurú kan kalẹ̀ lórí àjà, á wọ̀n ọ́n, á ha ẹ̀yìn rẹ̀, á tún un wọ̀n, á là á sí méjì, á gbóòórùn rẹ̀, á wo inú rẹ̀ fínnífínní bóyá irun funfun ti ń hù níbì kan. Á wá kọ gbogbo rẹ̀ sínú ìwé ńlá olójú líle kan. Bí òṣùwọ̀n bá ń gbọ̀n, á dúró kó fara balẹ̀. Mo máa ń sọ fún un pé, "Kọ ọ́ bẹ́ẹ̀, ó ti tó." Á ní, "Rárá sà, ẹ jẹ́ ó dúró."

Ẹ má jẹ́ n tan yín jẹ. Èmi ló yẹ kí n máa ki ọmọ náà láyà, òun ló ń ki èmi láyà. Àwọn ọjọ́ tó kù nínú ọ̀sẹ̀, mo máa ń sùn sílẹ̀ tí mo ń ka igi àjà ilé. Ẹlẹgbẹ́ mi kan ti lọ dá oko sí Àjàgbà, òmíràn ń fi mọ́tò rẹ̀ kó èrò. Èmi ò mọ oko ro, mi ò ní mọ́tò. Nígbà tí owó oṣù dúró, mo kọ́kọ́ ń ṣe bí ọkùnrin, mo ń fi ìyàwó mi ṣe yẹ̀yẹ́ pé ó yá, kó máa fi ẹ̀rọ ìránṣọ bọ́ wa. Ó sì ń bọ́ wa. Ṣùgbọ́n àwọn tó ń ránṣọ lọ́dọ̀ rẹ̀, ìyàwó olùkọ́ bíi tèmi ló pọ̀ nínú wọn. Kò pẹ́ tí ẹ̀rọ náà fi ń sinmi ju bó ṣe ń ṣiṣẹ́ lọ. Mo dẹ́kun yẹ̀yẹ́. Ọjọ́bọ̀ nìkan ni mo máa ń fá irùngbọ̀n.

Ní ọ̀sẹ̀ kọkànlá, fóònù ọmọ náà dún nígbà tó ń ha púpurú lọ́wọ́. Ó dìde lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Nígbà tó padà dé, ojú rẹ̀ ti yí. Ó ní àbúrò ìyá òun ni. Wọ́n ní iṣẹ́ náà ò lè dúró kọjá ìparí oṣù yìí.

"Sà, ṣé kí n lọ?"

Ó bi mí bí ọmọ ṣe ń bi bàbá rẹ̀. Kí ni mo mọ̀? Ọlọ́run ló mọ̀ pé mi ò mọ nǹkan kan. Ìpàdé ẹgbẹ́ àwa olùkọ́ tí mo lọ lọ́sẹ̀ yẹn, ariwo la gbọ́ níbẹ̀, a ò gbọ́ ọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n mo gbé ohùn mi sókè, ohùn kíláàsì yẹn, mo ní, "Má lọ. Ó ti kù díẹ̀. O ti ṣe mọ́kànlá, mẹ́tàlá ló kù. Ṣé wàá wẹ odò débi pé o rí etí bèbè tán, kí o wá yí padà?" Ó mi orí. Ó padà sídìí òṣùwọ̀n. Oṣù náà parí, kò lọ, wọ́n sì gbé iṣẹ́ náà fún ẹlòmíràn.

Ó wá kan ọ̀sẹ̀ kẹẹ̀ẹ́dógún.

Òjò rọ̀ lọ́sẹ̀ náà bí ẹni pé wọ́n san owó fún un. Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ìyàwó mi lọ fi aṣọ kan jíṣẹ́ ní ìsàlẹ̀ ìlú, èmi náà lọ sí ìpàdé. Kò sí nǹkan kan nílé lọ́jọ́ náà. Kí n má fi bò: àwọn ọmọ mu omi gaàrí ní àárọ̀, gaàrí náà sì tán síbẹ̀. Ìyá mi dé láti Àjàgbà láìsọ fún ẹnikẹ́ni, ó gbé ẹja gbígbẹ díẹ̀ àti ata lọ́wọ́. Ó bá àwọn ọmọ tí wọ́n jókòó tẹ̀ẹ̀-tẹ̀ẹ̀. Ó wo ẹ̀yìnkùlé, ó rí àjà.

Nígbà tí mo wọlé, òórùn ọbẹ̀ ló kọ́kọ́ pàdé mi. Àwọn ọmọ yí àwo ká, wọ́n ń jẹun, èyí tó kéré jù ń kọrin bó ṣe ń jẹ. Àkísà funfun mẹ́ta wà nílẹ̀ nídìí ààrò: mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, mẹ́rìndínlógún, mẹ́tàdínlógún.

Mo kígbe. "Màmá! Kí lẹ ṣe yìí? Háà! Ta ló ní kí ẹ fọwọ́ kàn án?"

Ìyá mi kò tilẹ̀ dìde. Ó ní, "Kí ló dé? Ṣé ti òrìṣà ni?"

"Ti akẹ́kọ̀ọ́ mi ni! Iṣẹ́ rẹ̀ ni! A fẹ́ wo ìgbà tó máa bàjẹ́ ni!"

Ó wò mí títí. Ó wo àwọn ọmọ. Ó ní, "Ọma mi, ṣé o fi oúnjẹ sórí àjà kí o lè máa wo ìgbà tó máa bàjẹ́, tí ebi ń pa àwọn wọ̀nyí lábẹ́ ẹ̀? Ibo lo ti kọ́ irú ẹ̀?" Mo bẹ̀rẹ̀, mo ń ṣa àwọn àkísà náà nílẹ̀. Ó ní, "Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Tìrẹ nìyí." Ó ti àwo kan sí ọ̀dọ̀ mi.

Mo lè ní ìyá mi ló ṣe é. Òótọ́ ni, òun ló sè é. Ṣùgbọ́n èmi ni mo fọwọ́. Èmi tí mo mọ ohun tó jẹ́, tí mo mọ nọ́ńbà rẹ̀, mo jókòó, mo jẹ ẹ́, ó sì dùn. Èyí tó burú jù níbẹ̀ nìyẹn. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́rìnlá lórí àjà, kò kan rárá, kò rùn, ó dùn lẹ́nu bí ìgbà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Mo lá ọwọ́ mi.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, mo lọ sí ọjà Òkìtìpupa, mo ra púpurú mẹ́ta tó tóbi bákan náà pẹ̀lú èyí tí a jẹ. Mo wọ aago ọwọ́ mi lọ, mi ò wọ̀ ọ́ padà wálé; òun ni mo tà fi rà wọ́n. Mo fi èédú àti èérú pa púpurú náà lára, mo so àkísà mọ́ wọn, mo tò wọ́n sáyè wọn lórí àjà. Ìyàwó mi dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń wò mí. Ó ní, "Bàbá àwọn ọmọ, ṣé ẹ ò kúkú sọ fún ọmọ yẹn?" Mo ní kó fi mí sílẹ̀. Ó ní, "Ọmọ náà á gbọ́ yín yé." Mo jágbe mọ́ ọn. Bẹ́ẹ̀ òótọ́ ọ̀rọ̀ ló sọ.

Ọmọ náà dé ní Ọjọ́bọ̀. Ó kí ìyá mi, ìyá mi sì ń bojú wolẹ̀. A gbé bẹ́ǹṣì síta. Ó nawọ́ mú nọ́ńbà kẹẹ̀ẹ́dógún. Mo rí i tó ti àtàǹpàkò rẹ̀ sí abẹ́ rẹ̀, ó ń wá nǹkan kan níbẹ̀. Ó dúró. Ó gbé e kalẹ̀, ó mú kẹrìndínlógún, ó fọwọ́ kan abẹ́ rẹ̀. Ó mú kẹtàdínlógún. Ó tún mú kejìdínlógún, ó fọwọ́ kan abẹ́ rẹ̀, ó dá a padà. Lẹ́yìn náà ó wo àwọn ọmọ mi tí wọ́n ń sá eré kiri nínú ẹrẹ̀. Kò wo èmi.

Ó jókòó. Ó wọn púpurú ọjà náà. Ó ha á. Ó là á. Ó ṣí ìwé rẹ̀, ó tẹrí ba, ó sì kọ nǹkan. Mo dúró síbẹ̀ bí òpó. Ó kúnlẹ̀, ó ní, "Ẹ ṣé, sà," ó lọ.

Bó ṣe lọ tán, mo mú kejìdínlógún sọ̀ kalẹ̀. Kòtò kékeré yẹn wà lábẹ́ rẹ̀. Mo wo gbogbo èyí tó kù, ó wà lábẹ́ wọn. Mo wo àwọn tọjà, abẹ́ wọn dán bọ̀rọ́. Mo bi ìyá mi. Ó ní, "Ìtẹ̀ka ẹni tó mọ ọ́n ni. Bí obìnrin mẹ́ta mẹ́rin bá jọ ń lo àjà kan, báwo ni wọ́n ṣe máa mọ tara wọn? Oníkálùkù ló ní bó ṣe ń tẹ̀ ẹ́. Ìwọ tó ń kọ́ wọn nípa púpurú, ṣé o ò mọ̀ ni?" Mi ò mọ̀. Gbogbo ìwé tí mo kà nípa oúnjẹ, mi ò kà á níbẹ̀. Ìyá àgbà kan ti fi àtàǹpàkò rẹ̀ sí iṣẹ́ ọmọ rẹ̀ lábẹ́, èmi sì rò pé kòtò lásán ni.

Ìtìjú mú mi. Mo sọ fún ara mi pé bó bá di Ọjọ́bọ̀ tó ń bọ̀, mo máa jẹ́wọ́. Ọjọ́bọ̀ dé. Ọmọ náà sọ̀ kalẹ̀ lórí ọ̀kadà pẹ̀lú àpò kan. Púpurú ló wà nínú rẹ̀, èyí tó mọ́, tí wọ́n ti ha ẹ̀yìn rẹ̀ kúrò. Ó gbé e fún ìyàwó mi, ó ní, "Ìyá àgbà ní kí n kó o wá fún àwọn ọmọ." Báwo ni mo ṣe máa jẹ́wọ́ lẹ́yìn èyí? Ẹ bá mi dá sí i. Ẹni tí mo jà lólè ló tún gbé oúnjẹ wá bá mi, kó má baà di pé mo tún jalè. Mo ní, "Bá mi kí màmá." Ó jókòó sídìí kẹrìndínlógún, ó wọ̀n ọ́n, ó kọ nǹkan. Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, àpò mìíràn, kẹtàdínlógún. Lójú mi, nọ́ńbà irọ́ ló ń kọ. Mo ti sọ ọmọ tó máa ń dúró de òṣùwọ̀n kó fara balẹ̀ di ẹni tó ń kọ irọ́ sílẹ̀, nítorí kó lè bo àṣírí mi. Mo sì ń wò ó níṣojú mi, mi ò rí nǹkan kan ṣe sí i.

Ní ọ̀sẹ̀ kejìdínlógún, ó kan ti ìyá àgbà rẹ̀. Ó wọ̀n ọ́n lẹ́ẹ̀mẹta. Ó pẹ́ nídìí rẹ̀. Nígbà tó parí, ó lọ sídìí àjà, ó fọwọ́ kan abẹ́ mẹ́fà tó kù lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó padà wá, ó kúnlẹ̀, ó pẹ́ díẹ̀ lórí ìkúnlẹ̀ ju bó ṣe máa ń ṣe.

"Sà, ó dàbọ̀."

Mo ní, "Ó di Ọjọ́bọ̀."

Ó gbàgbé ìwé rẹ̀ sórí bẹ́ǹṣì. Ohun tí mo rò nìyẹn, pé ó gbàgbé rẹ̀. Ọjọ́bọ̀ dé, kò wá. Èkejì dé, kò wá. Mo tẹ ẹ́ láago, kò gbé e. Mo kó ìwé náà sínú àpótí, mi ò ṣí i, mi ò fẹ́ rí irọ́ tí mo mú un kọ.

Nígbà tí wọ́n wá ṣí ilé ẹ̀kọ́, mẹ́fà yẹn ṣì wà lórí àjà. Kò sẹ́ni tó fọwọ́ kàn wọ́n, ìyá mi náà kò fọwọ́ kàn wọ́n. Ní ìpàdé àkọ́kọ́ ní ẹ̀ka wa, a fẹnu kò pé nítorí àkókò tó ti lọ, ọmọ tó bá ti ṣe ìdajì iṣẹ́ rẹ̀ lè gbé e wá bẹ́ẹ̀, kí alábòójútó rẹ̀ sáà buwọ́ lù ú. Mo jókòó síbẹ̀, mo ń kà á lórí ìka mi. Ìdajì! Ọmọ náà ti ṣe mẹ́rìnlá tó mọ́ kedere kí ìyá mi tó dáná. Ká ní mo la ẹnu mi lọ́jọ́ náà lábẹ́ igi máńgòrò, ká ní mo sọ pé, "Ọmọ mi, a ti jẹ ẹ́, forí jì mí, jẹ́ ká dúró síbi mẹ́rìnlá," iṣẹ́ rẹ̀ ti pé nìyẹn. Kò ní ohun mìíràn tó máa ṣe ju kó dúró de ọjọ́ tí wọ́n máa ṣílẹ̀kùn. Ohun tí mo fi dákẹ́ láti gbà là, òun gan-an ni mo fi dákẹ́ pa.

Mo sáré délé, mo ṣí ìwé náà. Ọ̀sẹ̀ kìíní títí dé ìkẹrìnlá, gbogbo rẹ̀ wà níbẹ̀, ó mọ́, kò sí ìparẹ́. Mo ṣí ojú ìwé tó tẹ̀ lé e. Ó kọ ọ́ ní Yorùbá, bí a ṣe ń kọ ìwé síra wa:

"Ọ̀sẹ̀ kẹẹ̀ẹ́dógún. Kì í ṣe ti ìyá àgbà. Mi ò kọ nǹkan kan.

"Ọ̀sẹ̀ kẹrìndínlógún. Kì í ṣe ti ìyá àgbà. Mi ò kọ nǹkan kan.

"Ọ̀sẹ̀ kẹtàdínlógún. Kì í ṣe ti ìyá àgbà. Mi ò kọ nǹkan kan."

Kejìdínlógún ní nọ́ńbà tirẹ̀, àwọ̀ rẹ̀, òórùn rẹ̀, "kò bàjẹ́." Ó tán síbẹ̀. Ọmọ náà ò kọ irọ́ kankan rárá. Èmi nìkan ni mo purọ́.

Mo tẹ ẹ́ láago láti orí bẹ́ǹṣì. Ó gbé e lọ́tẹ̀ yìí. Ariwo ènìyàn pọ̀ lẹ́yìn rẹ̀.

"Ẹ káàsán, sà. Ẹ kú iṣẹ́ o. Àwọn ọmọ ńkọ́?"

Mo ní wọ́n wà. Mo sọ fún un pé wọ́n ti ṣílé ẹ̀kọ́. Mo ní iṣẹ́ rẹ̀ ti tó, mẹ́rìnlá ti tó, mo máa buwọ́ lù ú lónìí, kó máa bọ̀ kó wá forúkọ sílẹ̀ fún ìdánwò. Mò ń sọ ọ́ kíákíá bí ẹni tó ń tajà. Ó ní àbúrò ìyá òun tún bá òun wá iṣẹ́ mìíràn ní Èkó, kò dára tó ti àkọ́kọ́. Ó ní, "Sà, mo dúpẹ́. Ṣùgbọ́n níbí, bí wọ́n bá ní kí n wá lọ́la, iṣẹ́ máa ń wà lọ́la."

Mo ń ṣí ìwé náà, mo ń pa á dé. Èmi tí mo máa ń wàásù.

Ó ní, "Sà, mẹ́fà tó kù yẹn, ṣé àwọn ọmọ ti jẹ ẹ́?"

Mo ní, "Rárá. Ó wà lórí àjà. Ìwọ la ń retí."

"Ẹ jẹ́ kí wọ́n jẹ ẹ́, sà. Ìyá àgbà ò ní bínú."

Mo fẹ́ sọ ọ́ nígbà náà. Mo ní, "Ọmọ mi, ọjọ́ yẹn, nọ́ńbà kẹẹ̀ẹ́dógún..." Ẹnìkan pè é lẹ́yìn, ó ń béèrè iye nǹkan. Ó ní, "Ẹ dúró fún mi, sà," fóònù sì já. Mo dúró. Mo tún un tẹ̀, kò wọlé.

Ní ìrọ̀lẹ́, mo sọ̀ wọ́n kalẹ̀ fúnra mi. Ìyàwó mi tú àwọn àkísà kúrò lára wọn, ó ha wọ́n, ó gún wọn, ó rò wọ́n. Kò bàjẹ́. Ó gbé tèmi wá síwájú mi, mo fọwọ́, mo sì jẹ ẹ́ tán.